Orin Kejì Tí Kò Padà Sílé

Inú mi máa ń tètè ru. Ìyàwó mi máa ń sọ pé òun ò mọ èyí tó ń yára hó jù nínú èmi àti kẹ́tùlù. Ó ti pé ọdún mẹ́ta báyìí tí Ọlọ́run ti pè é. Láti ìgbà náà, kò sí ẹni tí mo lè bínú sí nínú ilé mọ́. Ẹ má rẹ́rìn-ín. Ilé tí èèyàn ò ti rí ẹni bá ṣe gbólóhùn asọ̀ a máa tutù. Mo ń se ọbẹ̀ kan, mo ń jẹ ẹ́ fún ọjọ́ mẹ́rin.

Awakọ̀ bọ́ọ̀sì ni mí kí n tó fẹ̀yìn tì. Ọgbọ̀n ọdún ni mo fi ń wa ọkọ̀ ní Lọ́ńdọ̀nù, láti Peckham lọ sí Elephant and Castle, kọjá odò, kí n sì tún padà. Mi ò kọ́ orin rí láyé mi. Nígbà tí mo ra píánò àlòkù sínú pálọ̀, àwọn èèyàn wa ní mọ́sáláṣí ní, "Alhaji, kí lẹ fẹ́ fi ìyẹn ṣe?" Mo ní mo fẹ́ kọ sònátà ni, orin gígùn kan tí wọ́n ń fi píánò tẹ̀. Wọ́n rò pé ẹ̀fẹ̀ ni. Mo jẹ́ kí wọ́n rẹ́rìn-ín.

Kì í ṣe ẹ̀fẹ̀. Ọmọ kan ṣoṣo ni èmi àti ìyàwó mi bí, obìnrin ni. Nígbà tí à ń gbé ní North Peckham, nínú fúláàtì tí ọ̀rinrin ti jẹ ògiri rẹ̀, aládùúgbò wa kan tó ń kó lọ fún wa ní píánò rẹ̀. Ọmọ yìí kọ́ ọ títí àwọn èèyàn fi ń dúró lẹ́nu ọ̀nà wa láti gbọ́ ọ. Àwọn sònátà àtijọ́ ló fẹ́ràn, irú èyí tí wọ́n ń kọ ní Vienna ní igba ọdún ó lé sẹ́yìn, nígbà tí píánò fúnra rẹ̀ ṣì jẹ́ ohun tuntun. Nígbà tó pé ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún, káńsù tó ni ilé yẹn fẹ́ wó o, wọ́n fún wa ní òmíràn. Mo ní àtẹ̀gùn ilé tuntun há, pé píánò ò lè gba ibẹ̀. Irọ́ ni mo pa. Mo fẹ́ kó jókòó ti ìwé rẹ̀ kó lè di dókítà ni. Mo pe ọkùnrin méjì, wọ́n gbé píánò lọ nígbà tó wà níléèwé. Nígbà tó dé, ó wo ibi tí píánò wà, ó kúnlẹ̀, ó ní, "Ẹ kúulé, sà," ó kọjá sí kíṣìnnì. Kò sunkún, kò bi mí ní nǹkan kan. Mo sọ fún ìyá rẹ̀ pé, o ò rí ọmọ tó gbẹ̀kọ́.

Ó di dókítà lóòótọ́. Manchester ló ń gbé. Ó máa ń pè mí lọ́jọ́ Iléyá, ó máa ń béèrè ẹ̀jẹ̀ ríru mi, ó sì máa ń bá mi sọ̀rọ̀ bí ẹni ń bá aláìsàn sọ̀rọ̀. Ìyá rẹ̀ ni wọ́n jọ máa ń sọ̀rọ̀ gan-an. Lẹ́yìn tí a sin ìyá rẹ̀ ni mo tó mọ̀ pé ẹni méjì ló kúrò lọ́dọ̀ mi.

Bàbá kì í bẹ ọmọ. Bí wọ́n ṣe tọ́ mi dàgbà nìyẹn. Mo wá rò ó pé bí ẹnu mi ò bá lè sọ pé má bínú, bóyá sònátà á bá mi sọ ọ́. Ó máa mọ̀. Kò sí ẹlòmíràn tí mo lè torí ẹ̀ kọ irú nǹkan bẹ́ẹ̀.

Mo rí tíṣà kan, ọmọbìnrin tí wọ́n bí sí Peckham níbí, tí àwọn òbí rẹ̀ jẹ́ ará Ìjẹ̀bú. Ó ń kọ́ àwa àgbà ní gbọ̀ngàn kan lẹ́yìn Rye Lane ní àárọ̀ Ọjọ́rú. Yorùbá rẹ̀ ń ta kókó, àmọ́ kò sí ìgbà tí mo wọlé tí kò ní tẹ orúnkún díẹ̀: "Good morning, Daddy. Ẹ káàárọ̀ sà." Orí mi a wú. Ọwọ́ ọmọdé ò tó pẹpẹ, tàgbà ò wọ kèrègbè; mo sọ fún un pé kó má wo ojú mi, kó kọ́ mi dáadáa.

Òun ló ṣàlàyé bí àwọn ará ìgbà yẹn ṣe ń kọ ọ́: orin kéékèèké méjì ló máa ń wà nínú sònátà kan. Orin àkọ́kọ́ á bẹ̀rẹ̀ nínú ohùn kan, ohùn yẹn ni ilé. Yóò wá jáde nílé lọ sínú ohùn mìíràn, ibẹ̀ ni orin kejì á ti yọjú. Wọ́n á tún gbogbo rẹ̀ tẹ̀ kí etí lè mọ̀ ọ́n. Lẹ́yìn náà ni wọ́n á já a sí wẹ́wẹ́, wọ́n á máa gbé e kiri títí etí ò fi ní mọ ibi tó wà mọ́. Ìgbà tó bá ti sú etí ni wọ́n á gbé orin àkọ́kọ́ padà wálé. Ó yé mi. Mo ṣáà mọ bí wọ́n ṣe ń dá bọ́ọ̀sì padà sí gáràjì.

Oṣù mẹ́sàn-án ni mo fi kọ ọ́, ojú ewé mẹ́fà. Bí mo bá ti kírun ọ̀sán tán, mo ń jókòó tì í. Mo ń gbọ́ tẹlifíṣọ̀n aládùúgbò mi láti inú ògiri, mo ń gbọ́ ẹ̀rín àwọn ọmọ rẹ̀. Nígbà mìíràn, bí ibì kan bá dùn lọ́wọ́ mi, mo máa ń bojú wẹ̀yìn wò ó bóyá ẹnì kan gbọ́. Orin kejì ló dùn jù. Mo mọ̀ pé ó dùn, torí mo sunkún nígbà tí mo rí i kọ, èmi tí mi ò sunkún níbi ìsìnkú.

Lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀ ni mò ń gbé e lọ bá tíṣà. Yóò tẹ̀ ẹ́, yóò ní, "Ẹ kú iṣẹ́, Daddy. Ó dára gan-an." Lọ́jọ́ kan, ó gbé pẹ́ńsù sókè lórí ojú ewé karùn-ún, ó dá ọwọ́ dúró, ó sì gbé e kalẹ̀. Mo rò pé ó ń gbádùn rẹ̀ ni.

Mo lọ sí pósítọ́fíìsì, mo fi ẹ̀dà rẹ̀ kan ránṣẹ́ sí ọmọ mi. "Tìrẹ ni," ni mo kọ sí i lára. Ní ọjọ́ kẹrin, àtẹ̀jíṣẹ́ wọlé: "Ẹ ṣé sà. Mo ti rí i gbà. Ẹ máa lo oògùn yín." Ó tán. Ọ̀sẹ̀ méje ni mo fi ń gbé fóònù kiri, títí dé balùwẹ̀.

Ìgbà náà ni òyìnbó kan tó ń tún ohùn píánò ṣe wá sílé mi, àgbàlagbà bíi tèmi. Nígbà tó parí, ó tẹ ìwé orin mi tó bá lójú píánò láti fi dán an wò. Ó tẹ̀ ẹ́ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Kò tọrọ gáfárà, ó kàn ní ẹni tó kọ èyí ti gbàgbé nǹkan. Ó ní tí orin àkọ́kọ́ bá ti padà délé, orin kejì náà gbọ́dọ̀ padà wá, kí wọ́n tẹ̀ ẹ́ nínú ohùn ilé. Ó ní ìdí ìrìn àjò náà gan-an nìyẹn: ohun tí wọ́n sọ lóde, wọ́n á wá sọ ọ́ nílé. Èyí fi orin kejì sílẹ̀ síta, ó wá tilẹ̀kùn.

"Ta ló kọ ọ́?" ló bi mí.

Mo ní ọ̀rẹ́ mi kan ni.

Ọjọ́rú ò tètè dé. Nígbà tó dé, mi ò dáhùn ìkíni tíṣà. Mo tẹ́ ìwé náà síwájú rẹ̀, mo ní, "Ṣé o mọ̀ pé orin kejì ò padà?"

Ó wolẹ̀. "Mo mọ̀, Daddy. Ó ti pẹ́."

"Kí ló dé tí o ò sọ?"

"Ẹ ti dàgbà ju daddy mi lọ. Báwo ni mo ṣe fẹ́ sọ fún yín pé it's wrong? Inú yín sì ń dùn. Mummy mi kọ́ mi pé a kì í sọ irú ẹ̀ fún àgbà."

Mo ti la ẹnu láti sọ pé ọmọ tí kò lẹ́kọ̀ọ́ ni. Àmọ́ irọ́ nìyẹn máa jẹ́. Ẹ̀kọ́ gan-an ló ní. Irú rẹ̀ ni mo fi tọ́ ọmọ tèmi, tí mo fi ń yangàn káàkiri mọ́sáláṣí. Ojú tì mí débi pé mo jókòó sórí àga tí wọ́n ń kó ìwé sí.

Nígbà tí mo délé, mo pe ọmọ mi. Ẹ̀rù bà á. "Daddy, ṣé kò sí nǹkan?"

"Àlàáfíà ni. Orin tí mo kọ, ṣé ó dára?"

"Ó dára gan-an sà."

"Irọ́ ni. Orin kejì ò padà sílé. Ṣé o rí i?"

"Mo rí i."

"O ò sì sọ fún mi."

"Ìgbà wo la máa ń sọ fún yín?"

Kò fi sà sí i. Inú mi ru dé ọrùn. Mo pa ẹnu mi dé títí ó fi wálẹ̀. Mo wá ní, "Kò sẹ́ni tó ń sọ òótọ́ fún mi, ẹ̀bi mi ni. Èmi ni mo fẹ́ kí píánò rẹ lọ. Má bínú sí mi."

Ó ní òun ò lè tẹ píánò mọ́, ọwọ́ òun ti gbàgbé. Ó ní ojú lòun fi ka orin náà, pé ẹnì kan níbi iṣẹ́ ló wá bá òun tẹ̀ ẹ́. Ìyẹn dùn mí ju èébú lọ. Kò ní òun ti dárí jì mí, mi ò sì béèrè.

Mo ti tún un kọ. Ojú ewé mẹ́jọ ni báyìí. Ọjọ́ Àìkú tó kọjá, mo pe ọmọ mi, mo gbé fóònù lé orí píánò, mo tẹ̀ ẹ́ fún un láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Nígbà tí mo parí, mo gbé fóònù sétí.

"Ẹ sáré jù níbi orin kejì," ni ọmọ mi wí. "Kò dáa bẹ́ẹ̀. Ẹ tún un tẹ̀."

Mo tún un tẹ̀.