Àwòrán Àbúrò Mi Nínú Fóònù Ìyá Wa

Fóònù ìyá mi kún dẹ́nu, kò gba àwòrán kankan mọ́. Láti Agọ́-Ìwòyè ni mo ti ra fláàṣì àti ẹnu kékeré tí a fi ń so ó mọ́ fóònù, nítorí kò sí kọ̀ǹpútà nílé wa ní Òde-Omi. Mo so ó, mo sì bẹ̀rẹ̀ sí í da àwọn àwòrán náà kọ sínú rẹ̀.

Àbúrò mi ọkùnrin ló kún ibẹ̀: òun àti àwọ̀n rẹ̀, òun tó ń rẹ́rìn-ín nínú ọkọ̀ tó padà dojú dé mọ́ ọn lórí ọ̀sà. Nínú ilé wa, a kì í sọ pé omi pa á. Ó bómi lọ ni a máa ń wí. Inú ń bí mi sí fóònù ọ̀hún, tó ń kó ọmọ ìyá mi bí ẹni ń kó iṣu sápò.

Nígbà tó parí, mo ní, “Màámi, gbogbo wọn ti wọ fláàṣì. Ẹ jẹ́ kí n pa wọ́n rẹ́ lórí fóònù, kí àyè lè wà.”

Ìyá mi já fóònù gbà lọ́wọ́ mi.

“Ta lo fẹ́ pa? Pípa tí omi pa á ò tíì tó ni?”