Bahiga àti Ẹja Oníyọ̀ Ilé Àna

Ní gbogbo ìlú Rashid, bóyá ni ẹnìkan wà tó kórìíra fẹsíkì tó Bahiga, bẹ́ẹ̀ ìdí àgbá ẹja oníyọ̀ tí wọ́n ń pè bẹ́ẹ̀ gan-an ni wọ́n bí i sí. Bàbá rẹ̀, Alhaji Mitwali, ló ń ṣe é fún gbogbo àdúgbò àwọn tó ń kan ọkọ̀ ojú omi. Bí ẹja búrì bá ti dé láti odò, Alhaji á tẹ́ ẹ sílẹ̀ títí ikùn rẹ̀ á fi wú, kó tó da iyọ̀ bò ó nínú àgbá onígi, á sì dé e pa fún ọ̀sẹ̀ mẹ́ta kí wọ́n tó jẹ ẹ́ láìsè é. Ilé ń rùn. Aṣọ ń rùn, irọ̀rí ń rùn, omi mímu pàápàá ń rùn lẹ́nu ọmọ náà. Tó bá dé ilé ẹ̀kọ́, àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ á di imú mú, wọ́n á ní, “Ọmọ Eléṣinṣin ti dé o! Ẹ ṣí fèrèsé!”

Sìgá ti pa imú Alhaji Mitwali, kò gbóòórùn nǹkan kan mọ́. Imú ọmọ rẹ̀ ló wá ń lò. Láti ìgbà tí Bahiga ti wà lọ́mọ ọdún méje ni bàbá rẹ̀ ti máa ń gbé e dúró lórí àpótí, á ṣí àgbá, á ní, “Fi orí wọ̀ ọ́. Kí lo gbọ́?”

“Ó ń rùn, Bàbá.”

“Mo mọ̀ pé ó ń rùn! Fẹsíkì wo ni kì í rùn? Irú òórùn wo ni mo bi ọ́. Ṣé ó ń ta ọ́ nímú bí iyọ̀ òkun, àbí ó ń dùn díẹ̀, bí eku tó kú sábẹ́ bẹ́ẹ̀dì?”

Ó kọ́ ọ pé adùn yẹn ni kó sá fún. Ó kọ́ ọ láti fi àtàǹpàkò tẹ ẹ̀gbẹ́ ẹja: èyí tó dáa á dúró gírí, èyí tí kò dáa, ìka á rì wọ inú rẹ̀ bí ìgbà tí èèyàn tẹ ẹ̀kọ tútù. Ó kọ́ ọ láti la ẹ̀yìn rẹ̀ wò bóyá ẹran di egungun mú. Bahiga mọ gbogbo rẹ̀ bí ẹni mọ orúkọ ara rẹ̀. Ṣùgbọ́n nígbà tó di ọmọ ọdún mẹ́sàn-án, ó ṣí àgbá kan tí iyọ̀ kò dé ìsàlẹ̀ rẹ̀. Ó fa ẹja kan sókè, ikùn rẹ̀ sì bẹ́. Omi dúdú inú rẹ̀ ta sí i létè, ìdin méjì sì lẹ̀ mọ́ ọn ní àgbọ̀n. Ọjọ́ mẹ́ta ló fi bì. Láti ọjọ́ náà, ẹja oníyọ̀ kò kọjá ọ̀fun rẹ̀ mọ́.

Nígbà tó dàgbà, ó sá lọ sídìí iṣẹ́ aṣọ rírán, níbi tí kò ti sí nǹkan kan tó ń rùn ju òróró ẹ̀rọ lọ. Ó lọ́kọ, ó bí Dawlat, ọkọ kú, ó ń rán aṣọ ilé ẹ̀kọ́ fún àwọn ọmọ àdúgbò. Ṣùgbọ́n ta ló máa jẹ́ kó sinmi? Lọ́dọọdún, tí Ṣamu Nẹsímù, àjọ̀dún tí gbogbo ìlú fi ń jẹ fẹsíkì, bá ku ọ̀la, àwọn aládùúgbò á tò sẹ́nu ọ̀nà rẹ̀ pẹ̀lú ẹja tí wọ́n fi bébà wé.

“Ìyá Dawlat, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá wa gbóòórùn rẹ̀.”

Á jáde pẹ̀lú ojú tó le, á tẹ̀ ẹ́, á gbóòórùn, á ní, “Ẹ jẹ ẹ́,” tàbí “Ẹ dà á nù.” Kì í gbowó. Bí wọ́n bá ti lọ, á fi ọsàn wẹ́wẹ́ àti ọtí kíkan fọ ọwọ́ títí àwọ̀ á fẹ́rẹ̀ẹ́ bó, síbẹ̀ òórùn náà á ṣì wà lábẹ́ èékánná. Ohun tó máa ń rí i lára jù kì í tilẹ̀ ṣe ẹja. Àwọn èèyàn náà ni: bí itọ́ ṣe máa ń kún wọn lẹ́nu nígbà tí òun ṣì ń tẹ nǹkan jíjẹrà wò.

Ní ọdún tó pé ẹni ọdún méjìléláàádọ́ta, Dawlat ti wọ òrùka ìdána ọmọkùnrin kan tó ń jẹ́ Husam. Fikri, bàbá Husam, òṣìṣẹ́ rélùwéè tó ti fẹ̀yìntì, ẹni tó lóhùn gooro tó sì fẹ́ràn àpọ́nlé, ní kí ìyá àti ọmọ wá bá àwọn ṣe Ṣamu Nẹsímù. Kí wọ́n tó jáde nílé, Dawlat di ìyá rẹ̀ lọ́wọ́ mú.

“Màmá, mo bẹ̀ yín. Lónìí nìkan ṣoṣo. Ẹ má gbóòórùn nǹkan kan.”

“Ṣé kí n fi imú mi sílẹ̀ sílé ni?”

“Ẹ ṣáà má sọ̀rọ̀. Tí wọ́n bá ní kí ẹ jẹ ẹ́, ẹ ní ẹ̀jẹ̀ yín ń ru.”

Bahiga ṣèlérí. Orí òrùlé ni wọ́n tẹ́ ẹní sí, odò ń tàn nísàlẹ̀. Karima, ìyàwó Fikri, ti to ẹyin tí wọ́n kùn ní oríṣiríṣi àwọ̀ sílẹ̀, àti àlùbọ́sà tútù, ewé lẹ́túùsì, búrẹ́dì gbígbóná. Husam ń gé ọsàn wẹ́wẹ́. Ni Fikri bá gòkè wá pẹ̀lú àwo ńlá tí wọ́n fi bébà bò, ó ń rìn bí ẹni tó gbé adé.

“Ìyá Dawlat! Mo gbọ́ pé imú yín ń ṣiṣẹ́ ọlọ́pàá. Ó yá, ẹ fún un ní ìsinmi lónìí, kí ẹnu náà ríṣẹ́ ṣe.”

Gbogbo wọn rẹ́rìn-ín. Bahiga náà rẹ́rìn-ín. Fikri ṣí bébà.

Adùn yẹn ló kọ́kọ́ dé. Ó wọ imú Bahiga, ó sọ̀ kalẹ̀ sí ọ̀fun, ó jókòó síbẹ̀. Ó gbé ojú sókè, ó wo ojú ọ̀run, ṣùgbọ́n kò lè ṣe é, ó padà wo àwo. Awọ ẹja náà ti dúdú, ó ń dán bí kẹ̀lẹ̀bẹ̀. Ikùn méjì ti fà ya. Nígbà tí Fikri ti ọ̀bẹ bọ̀ ọ́, ẹran rẹ̀ kò gé, ó kàn wó kúrò lára egungun, omi aláwọ̀ eérú kan sì ṣàn jáde lábẹ́ rẹ̀.

“Bàbá Husam,” Bahiga rọra sọ, “ibo lẹ ti rí ẹja yìí?”

“Lọ́wọ́ ọkùnrin kan tó ń fi ọkọ̀ akẹ́rù tà á lójú ọ̀nà adágún. Ẹja tó sanra báyìí, kò sí nínú ìlú!”

Dawlat fi ẹsẹ̀ kan Bahiga lórí ẹní pé kó dákẹ́. Bahiga fa ẹsẹ̀ tirẹ̀ sẹ́yìn. Ó mọ irú ẹja bẹ́ẹ̀ dáadáa. Ó ti kú lórí omi, ó ti léfòó nínú oòrùn, ikùn rẹ̀ ti wú kí ẹnikẹ́ni tó ṣà á, wọ́n wá fi iyọ̀ bo òkú mọ́lẹ̀. Fikri fi búrẹ́dì ká èyí tó tóbi, ó jẹ ẹ́, ó tún ká òmíràn. Omi eérú náà ń kán sí irùngbọ̀n rẹ̀, ó fi ìka gbá a, ó sì lá ìka. Bahiga fi ìbòrí bo ẹnu.

“Ìyàwó wa,” ni Fikri wí, ó bu ìṣù kan sí ọwọ́ Dawlat, “jẹ ẹ́ kí n rí i.”

Dawlat wo ìyá rẹ̀. Ó rẹ́rìn-ín músẹ́, ó sì gbé e lọ sẹ́nu.

Bahiga gbá a lọ́wọ́. Ẹja náà fò lọ lẹ̀ mọ́ ògiri. Kí ẹnikẹ́ni tó mọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀, ó ti gbé àwo, ó ti dé ìdí agbada ìfọṣọ ní igun òrùlé, ó sì da odidi ike ọṣẹ ìfọlé lé e lórí.

“Orí ẹ dàrú ni?” Fikri fò dìde. “Nínú ilé mi? Lójú ìyàwó mi?”

“Òkú ni, Bàbá Husam. Òkú lẹ jẹ. Ẹ lọ fi ìka sí ọ̀nà ọ̀fun yín, ẹ pọ̀ ọ́ kíá!”

“Èmi! Kí n pọ̀ ọ́! Ẹja tí mo fi owó mi rà! Ọmọ Eléṣinṣin ló wá ń kọ́ èmi ní ìmọ́tótó? Ẹ mú ọmọ yín kí ẹ máa lọ!”

Bahiga kò mọ̀ pé orúkọ yẹn ṣì wà lẹ́nu ará ìlú. Dawlat bọ́ òrùka rẹ̀, ó gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ àwọn ọsàn wẹ́wẹ́, ó sì ṣáájú ìyá rẹ̀ sọ̀ kalẹ̀.

Ọ̀sán ọjọ́ kejì, Husam kanlẹ̀kùn. Ojú rẹ̀ ti pọ́n.

“Màmá, ẹ jọ̀ọ́. Ṣé ẹja lè mú kí èèyàn máa rí nǹkan ní méjì-méjì?”

Bahiga ju sísọ́ọ̀sì sílẹ̀. “Ipénpéjú bàbá rẹ ńkọ́?”

“Kò lè ṣí i dáadáa. Kò lè gbé omi mì. Ó wà nílé ìwòsàn, dókítà ní ẹ̀jẹ̀ ríru ló ń yọ ọ́ lẹ́nu. Bàbá ti mú kí a búra pé a ò ní dárúkọ ẹja. Ó ní ìwọ̀sí ni.”

“Ìwọ̀sí!” Bahiga ti ń wọ bàtà. “Ṣé ìwọ̀sí ló máa bá a mí ni?”

Nígbà tó wọ yàrá náà, Fikri yí orí sí ògiri. Ètè rẹ̀ ti gbẹ, ohùn gooro náà ti di ohun tó ń gba imú jáde. Èémí rẹ̀ ṣì ní òórùn àná. Bahiga dúró ti ẹsẹ̀ bẹ́ẹ̀dì, ó sọ gbogbo ohun tó rí fún dókítà obìnrin tó wà níbẹ̀: awọ, ikùn, omi eérú, ìṣù méjì tó jẹ. Obìnrin náà kò jẹ́ kó parí ọ̀rọ̀ tó fi sáré lọ sídìí fóònù. Kí oòrùn tó wọ̀, wọ́n ti gbé Fikri lọ sí Alẹkisáńdíríà, níbi tí abẹ́rẹ́ tó ń pa májèlé inú ẹja náà wà. Ọjọ́ mẹ́rìnlá ni ẹ̀rọ fi bá a mí.

Kò kú. Ṣùgbọ́n ohun tí dókítà kan sọ fún Bahiga ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ ilé ìwòsàn ni kò jẹ́ kó sùn. Ó yìn ín, ó sì ní, “Oríire lẹ ní, Màmá, pé ẹja yẹn tún jẹrà. Májèlé yìí fúnra rẹ̀ kò ní òórùn. Ó lè wà nínú ẹja tó dán, tó le, tí kò ṣe nǹkan kan.”

Bahiga jókòó sórí bẹ́ńṣì. Ó ronú gbogbo “ẹ jẹ ẹ́” tó ti sọ lẹ́nu ọ̀nà rẹ̀ láti ọdún mọ́kàndínlọ́gbọ̀n. Àwọn ọmọ tó jẹ ẹ́. Àwọn aboyún. Ìríra tó bò ó lọ́tẹ̀ yìí kì í ṣe ti ẹja mọ́, ti imú ara rẹ̀ ni, imú tó ń gbéra ga lórí ohun tí kò mọ̀.

Nígbà tí Fikri padà sílé, Bahiga àti Dawlat lọ kí i. Ó ti fọn. Ó fúnra rẹ̀ mú òrùka náà jáde lábẹ́ irọ̀rí, ó fi lé Husam lọ́wọ́, ó ní kó fi í padà sọ́wọ́ Dawlat. Ó wá wo Bahiga lójú pẹ́.

“Ìyá Dawlat, ẹ ṣeun. Ṣùgbọ́n ká sòótọ́ o… ẹja yẹn dùn.”

Bahiga sáré jáde lọ bì sídìí àtẹ̀gùn. Karima tẹ̀ lé e pẹ̀lú omi, àwọn obìnrin méjèèjì sì bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín bí ọmọdé, Bahiga ń rẹ́rìn-ín, ó ń bì.

Ọdún yípo. Ìtò tó wà lẹ́nu ọ̀nà rẹ̀ di ìlọ́po méjì, nítorí ìròyìn ti kárí. Bahiga jáde sí wọn.

“Ẹ gbọ́. Èyí tí ẹ máa dà nù, màá sọ fún yín. Èyí tí ẹ máa jẹ, mi ò mọ̀ ọ́n, ẹ má bi mí.”

“Háà, Ìyá Dawlat! Ẹ ṣáà tẹ eléyìí wò, ẹ sọ pé ó dáa.”

“Mi ò ní sọ ọ́.”

“Ó ń ta mí nímú dáadáa o!”

“Kó máa ta ẹ́ nímú. Gbé e kúrò lójú mi.”

Àwọn kan bínú, wọ́n gbé ẹja wọn lọ jẹ. Àwọn méjì-mẹ́ta da tiwọn nù. Ní ọjọ́ kejì, òun, Dawlat àti Husam mú ẹyin àti ẹ̀wà sísè lọ sí etí odò, wọ́n wá ibi tí atẹ́gùn ti ń fẹ́ wá láti òkun, wọ́n sì kọ ẹ̀yìn sí gbogbo àwọn tó ń jẹ fẹsíkì.