Ìṣẹ́jú Àáyá Mẹ́ta Baba Ògiri

Ọjọ́ tí ògiri fẹ́ wó ni gbogbo èèyàn fi ń rántí Baba Ògiri, ẹ jẹ́ ká kúkú ti ibẹ̀ bẹ̀rẹ̀. Ọgbọ̀n ọdún ni bàbá náà fi kọ eré aláwàdà ọlọ́sọ̀ọ̀sẹ̀ fún ilé iṣẹ́ tẹlifíṣàn kan. Òun náà ló ń bójú tó o láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, ṣùgbọ́n ẹ̀yìn kámẹ́rà ni ibùjókòó rẹ̀. Lọ́jọ́ náà, bí wọ́n ṣe ń ṣeré ni àwọn èèyàn ń wò ó nílé, kò sí pé à ń gé, à ń lẹ̀. Ni ògiri pákó tí wọ́n fi ṣe pálọ̀ Lánlọ́ọ̀dù inú eré náà bá bẹ̀rẹ̀ sí í dà sẹ́yìn. Bàbá fi eyín di ìwé eré mú, ó sáré gba ẹ̀yìn lọ, ó di òpó ilẹ̀kùn mú lọ́tùn-ún lósì. Ó gbàgbé pé òun fúnra òun ló kọ ọ́ sínú ìwé pé kí òṣèré tó ń ṣe Ayálégbé ṣí ilẹ̀kùn náà.

Ilẹ̀kùn ṣí. Odindi ìlú rí ọkùnrin kan tó na apá gbọọrọ, tí ìwé wà lẹ́nu rẹ̀.

"Ta... ta nìyí?" ni Ayálégbé bi í.

Ẹni tó ń fi ọ̀rọ̀ sí gbogbo wọn lẹ́nu láti ọjọ́ yìí wá, ó wá kan òun náà láti sọ̀rọ̀. Ìwé já bọ́. Ó ní, "Èmi ni ògiri."

Lánlọ́ọ̀dù ò tiẹ̀ bojú wẹ̀yìn. "Ògiri, ti ilẹ̀kùn. Atẹ́gùn ń wọlé."

"Ọwọ́ mi dí, sà."

Ọjọ́ náà ló di Baba Ògiri. Inú gbogbo èèyàn dùn, àfi ti ìyàwó rẹ̀. Ẹ̀gbọ́n ìyàwó yìí ò gbà rí pé ọkọ àbúrò òun ló ni eré náà, nítorí bí orúkọ àwọn òṣìṣẹ́ bá ń kọjá lójú tẹlifíṣàn, tirẹ̀ kì í sí níbẹ̀. Ilẹ̀ ọjọ́ kejì ò tíì mọ́ tán tó fi dé. "Mo ti ń wí! Káfíńtà ni ọkọ ẹ."

Ni ìyàwó bá kọjú sí bàbá. "Orúkọ ẹni tó ń po tíì ń jáde, tiyín dà?"

"Ìṣẹ́jú àáyá mẹ́ta ni orúkọ mi máa gbà. Àwàdà kan lè wọ inú ẹ̀."

"Ẹ ń fi mí ṣẹ̀sín lójú ẹ̀gbọ́n mi!"

"Tún ìyẹn sọ, rọra." Bàbá ti ń wá bírò.

"Mo ń bá yín jà, ẹ ń kọ ọ́ sílẹ̀!"

Lọ́sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, ìyàwó Lánlọ́ọ̀dù sọ gbogbo rẹ̀ lórí tẹlifíṣàn, kò yọ ọ̀rọ̀ kan sílẹ̀. Ìyàwó bàbá rẹ́rìn-ín títí, kó tó rántí pé inú ń bí òun.

Ahun paraku ni bàbá tó bá di ọ̀rọ̀ àkókò. Aago tó fi ń ka ìṣẹ́jú àáyá ò kúrò lọ́rùn rẹ̀. Nígbà tí dókítà jókòó tì í, tó ń ṣàlàyé ohun tó ń ṣe ọkàn rẹ̀, bàbá wo aago náà. "Dókítà, ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ yín dáa. Àárín ló gùn."

Ọkàn náà ló mú un lọ. Ó dun gbogbo wa, kò sí bí a ṣe lè fi àwàdà bò ó.

Wọ́n ti gba eré ọ̀sẹ̀ náà sílẹ̀, kó sì tó jáde, àwọn òṣèré gbé fọ́nrán rẹ̀ wá sí pálọ̀ bàbá kí opó rẹ̀ kọ́kọ́ wò ó. Ẹ̀gbọ́n jókòó tì í. Nígbà tí eré parí, orin jẹ́jẹ́ dún, orúkọ bàbá jáde pẹ̀lú lẹ́tà ńlá, ó dúró gbọin.

Ẹ̀gbọ́n kà á lẹ́ẹ̀mejì. "Àṣé òótọ́ lo ń sọ. Àbúrò mi, má bínú."

Obìnrin tó ti ń retí orúkọ yẹn láti ọgbọ̀n ọdún nu ojú rẹ̀. Aago bàbá wà lọ́wọ́ rẹ̀, ó wò ó.

"Ìṣẹ́jú àáyá mẹ́wàá. Ẹ ṣé o, gbogbo yín. Ẹ gé e."

Ẹnu ya Lánlọ́ọ̀dù. "Ẹ ní ká gé orúkọ Bàbá, Mà?"

"Àwàdà kan lè wọ inú ẹ̀. Ẹ̀yin náà mọ̀ ọ́n."

Níbi tó yẹ kí orúkọ wà lọ́sẹ̀ náà, fọ́nrán ọjọ́ tí ògiri fẹ́ wó ni wọ́n fi sí i: ilẹ̀kùn kan ṣí, ọkùnrin kan na apá gbọọrọ, ó ní òun ni ògiri. Ìyàwó rẹ̀ rẹ́rìn-ín títí omi fi ń dà lójú rẹ̀. Ó di ẹ̀gbọ́n rẹ̀ lọ́wọ́ mú.

"Ẹ wò ó, ẹ̀gbọ́n mi. Ògiri yẹn ò wó."