Àwọn Fíìmù Tí Abibat Fi De Ọkọ Rẹ̀

Ó pé ọdún mẹ́ta tí Abibat ti wà ní Lanham, l'Amẹ́ríkà, kí ọkọ rẹ̀, Moshood, tó rí fisà gbà n'Íbàdàn. Láàárín ìgbà náà, lóṣooṣù ló máa ń yà ní ṣọ́ọ̀bù àwọn ọmọ Yorùbá, á ra fíìmù Yorùbá kan. Kì í wò ó. Abẹ́ bẹ́ẹ̀dì ló ń kó wọn sí, tòun ti ọ̀rá wọn. Ó ti dán an wò lẹ́ẹ̀kan pé kí òun dá wo ọ̀kan, kò wò ó dé ìdajì tó fi pa á. Ẹ̀rín àdárín ò dùn.

Nígbà tí Moshood fóònù pé fisà ti jáde, Abibat gba ìsinmi ọjọ́ mẹ́rin níbi iṣẹ́, ó mú ìwé àti báírò, ó kọ bí wọn yóò ṣe wo àwọn fíìmù náà. Eré aláwàdà ni kí wọ́n kọ́kọ́ wò, kí àárẹ̀ ọkọ̀ òfuurufú lè kúrò lára ọkọ òun. Lọ́jọ́ kejì, eré tẹlifíṣọ̀n alápá mẹ́jọ, wọn ò sì ní dìde títí yóò fi parí. Eré ogun àti ọba di ọjọ́ kẹta. Ó fi eré ìfẹ́ sí ọjọ́ kẹrin, ó pa á rẹ́, ó gbé e wá síwájú. Ojú tì í, ó tún dá a padà.

Qonitah ọ̀rẹ́ rẹ̀ ka ìwé náà. "Ìgbà wo lẹ máa wá jẹun?"

"Ibẹ̀ náà la ó ti máa jẹ ẹ́."

Moshood dé, ó sùn, ó jí. Abibat ki kásẹ́ẹ̀tì bọ fídíò. Aláwàdà ò tíì lanu tí Moshood fi bú sẹ́rìn-ín. Nígbà tó ṣe bẹ́ẹ̀ lẹ́ẹ̀kejì, Abibat dá fíìmù dúró.

"Ṣé ẹ ti wo eléyìí rí ni?"

Moshood wolẹ̀. "Mo ti wo gbogbo wọn. Nílé Sùnmọ́nù aládùúgbò wa, ní gbogbo ọjọ́ Àìkú. Ilé ò ṣeé dá jókòó sí."

Ó dun Abibat bí ẹni tó se oúnjẹ de àlejò tó ti yó.

"Tó bá ti pa mí lẹ́rìn-ín," Moshood ní, "màá yíjú kí n wo ojú rẹ. Sùnmọ́nù ni mo máa ń bá níbẹ̀."

Abibat ò mọ ìgbà tí ẹ̀rín gbé e, tí omijé sì tẹ̀ lé e. Ó dá fíìmù padà sí ìbẹ̀rẹ̀. Ojú ọkọ rẹ̀ ló ń wò, kò wo tẹlifíṣọ̀n.

Nínú gbogbo fíìmù náà, méje péré ni wọ́n rí wò. Ọ̀rọ̀ ọdún mẹ́ta ló gba ìyókù ọjọ́ mẹ́rin náà. Lọ́jọ́ karùn-ún, Abibat wa mọ́tò lọ síbi iṣẹ́, nílé ìtọ́jú àwọn arúgbó ní Clinton. Ibi tó ti ń tẹ́ bẹ́ẹ̀dì ni àárò Moshood ti sọ ọ́, àfi bíi pé kò tíì dé.