Ẹ̀wù Panápaná Tí A Jà Fún

Ọdún tó ṣáájú ìdìbò tí ìjọba fi bọ́ lọ́wọ́ ẹgbẹ́ kan sọ́wọ́ èkejì ni ohun tí mo fẹ́ sọ yìí bẹ̀rẹ̀, nílùú Àbújá níbí. Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tó ń gbé páálí ìfẹ̀hónúhàn kiri lóde òní, ẹ fara balẹ̀ kí n sọ díẹ̀ fún yín. N kò kàwé púpọ̀. Ilẹ̀ ni mo gbá ní ilé iṣẹ́ ìjọba títí mo fi fẹ̀yìn tì. Àwa agbálẹ̀ ní ẹgbẹ́ tiwa, èmi ni wọ́n sì fi ṣe ìyá ẹgbẹ́. A ti daṣẹ́ sílẹ̀ rí, a sì borí.

Lẹ́yìn tí mo fẹ̀yìn tì, mo kó lọ bá Fúnmi ọmọ mi ní Lugbe, kí n lè bá a tọ́mọ. Panápaná ni Dáre ọkọ rẹ̀. Ọjọ́ tí mo kọ́kọ́ bá a fọ ẹ̀wù iṣẹ́ ni mo rí i bó ṣe bàjẹ́ tó. Apá rẹ̀ ti jó, ẹ̀yìn rẹ̀ ti lu, ọwọ́ mi gba inú ihò rẹ̀ kọjá sódì kejì. Bẹ́ẹ̀ àwọn mẹ́ta ló ń pín in wọ̀. Ẹni tí kò bá kàn nínú wọn, ṣẹ́ẹ̀tì lásán ni yóò wọ̀ lọ bá iná.

Mo ní, "Dáre, ẹ̀wù yìí ti kú o."

Ó rẹ́rìn-ín. "Màmá, ó ṣì sàn ju ti Músá ẹlẹgbẹ́ mi lọ. Tiẹ̀ ò lápá."

Ẹ̀rín yẹn ló lé mi jáde nílé. Mo ń ti ọ̀dọ̀ ìyàwó panápaná kan bọ́ sí ọ̀dọ̀ òmíràn, Yorùbá, Haúsá, Gbagyi. Ìyá Hauwa tó ń ta kókó, ẹ̀kọ gbígbóná àwọn Haúsá, ló kọ́kọ́ dá mi lóhùn. Lọ́jọ́ Ajé kan, a kó àwọn ẹ̀wù jíjó náà lọ síwájú ọ́fíìsì àwọn ọ̀gá wọn. A ta okùn láti ìdí igi kan sí èkejì lẹ́gbẹ̀ẹ́ géètì, a sì sá wọn sórí rẹ̀ bí aṣọ tí a fọ̀. A ò pariwo. A jókòó sábẹ́ wọn, àwọn abiyamọ ń fún ọmọ lọ́mú, àwọn ọlọ́kọ̀ ń dúró wòran.

Ó di ọ̀sán kí ọ̀gá kan tó jáde, ọmọ Yorùbá.

"Ẹ kú ọ̀sán, Màmá. Ṣé ibí lẹ wá sáṣọ sí ni?"

"Ẹ kú iṣẹ́, ọ̀gá. Aṣọ àwọn ọmọ yín ni. Ẹ fọwọ́ bọ èyí wò."

Kò fọwọ́ bọ̀ ọ́. Ó ní, "Panápaná tó bá mọṣẹ́, iná ò lè mú un."

Ìyá Hauwa bú sẹ́rìn-ín. "Kai! Ọ̀gá, ẹ wọ̀ ọ́ nígbà náà. Igi ìdáná mi ò jìnnà, mo lè dáná báyìí!"

Gbogbo wa rẹ́rìn-ín, títí kan àwọn ọlọ́pàá tí wọ́n ní kó wá ṣọ́ wa. Ọ̀gá sún mọ́ mi, ó rẹ ohùn sílẹ̀.

"Màmá, kí lẹ fẹ́ gan-an?"

"Ẹ̀wù tuntun. Kí olúkúlùkù ní tirẹ̀."

"Ẹ̀wù nìkan?"

"Ẹ̀wù nìkan ni, ọ̀gá."

Bí ẹgbẹ́ ṣe kọ́ wa nìyẹn: ohun kan ṣoṣo ni kí ẹ béèrè, kí ẹ dì í mú ṣinṣin, kí wọ́n má baà fi ọ̀rọ̀ yí yín po. Ó ti gbè wá rí. Ṣùgbọ́n ọgbọ́n ọdún yìí, wèrè ẹ̀míì.

Ẹ̀wù dé lóòótọ́. Ó nípọn, ó wúwo, ọ̀já kan wà lára rẹ̀ tó ń tàn yinrin bí iná mọ́tò bá kàn án. Ọkọ̀ já wọn sílẹ̀, olúkúlùkù gba tirẹ̀, ọkọ̀ bá tirẹ̀ lọ. A jó lọ́jọ́ náà. Wọ́n gbé mi sókè bí ìyàwó tuntun.

Àṣé ìlú olótùútù ni wọ́n ti rán an wá. Ẹ̀yin náà mọ oòrùn oṣù kẹta ní Àbújá. Wọ́n wọ̀ ọ́ fi ṣe ìdánrawò ní pápá, ọ̀kan nínú wọn dákú. Ìgbà náà ni Músá rí i pé aṣọ inú rẹ̀ ṣeé yọ, pé síìpù ló so ó mọ́ ara òde. Wọ́n yọ ọ́, ẹ̀wù fúyẹ́, ara tù wọ́n. Kò sẹ́ni tó ti kọ́ wọn pé kò yẹ ní yíyọ.

Àwa obìnrin kì í sì í fi aṣọ tó dára ṣòfò. Nígbà tí ọyẹ́ dé, Fúnmi fi aṣọ inú ti Dáre tẹ́ ibùsùn ọmọ. Ìyá Hauwa fi ti ọkọ rẹ̀ we ìkòkò, kókó á sì máa gbóná títí oòrùn á fi ga. Gbogbo wa ń yìn ín. Kò sí ẹnì kan nínú wa tó rò ó pé aṣọ tó lè há ooru mọ́nú tó báyìí, òun náà ló yẹ kó dá ooru dúró sí ìta.

Nínú ọyẹ́ náà, lọ́sàn-án ọjọ́ kan, síto kan tí wọ́n ń kó fóòmù ibùsùn pamọ́ sí gbiná ní àdúgbò Kado. Dáre wọlé, ó fa olùṣọ́ ibẹ̀ jáde, ó tún padà wọlé nítorí wọ́n ní ẹnì kan ṣì kù. Àṣé kò sí ẹnìkankan níbẹ̀ mọ́. Nígbà tí a dé ọsibítù, wọ́n ti fi báńdéèjì we apá rẹ̀ méjèèjì dé èjìká. Ẹ̀wù rẹ̀ wà lórí àga. Mo gbé e, mo yẹ̀ ẹ́ wò tinú tòde. Kò jó. Kò lu.

Mo ní, "Kí ló wá jó ọmọ yìí?"

Alàgbà Sálámì, ọ̀gá Dáre ní àgọ́ panápaná wọn, ló wà níbẹ̀. Ó ní dókítà ṣẹ̀ṣẹ̀ là á yé òun ni.

"Màmá, ẹ máa ń se mọ́ínmọ́ín?"

"Mo máa ń sè é."

"Ewé rẹ̀ máa ń jóná nínú ìkòkò?"

"Rárá o."

"Ohun tó wà nínú ewé ńkọ́?"

Mo fọwọ́ kan inú ẹ̀wù náà níbi tí aṣọ inú yẹ kó wà. Ara òde ẹ̀wù ń lé ọwọ́ iná ni, aṣọ inú ló ń lé ooru. Òógùn Dáre ló hó mọ́ ọn lára.

Mo ní a óò padà sí géètì yẹn. Lọ́tẹ̀ yìí, a óò ní kí wọ́n kọ́ àwọn ọkùnrin wọ̀nyí bí a ṣe ń wọ ẹ̀wù náà, kí wọ́n gba òṣìṣẹ́ sí i, kí ẹnì kan lè jáde sínmi, kí òmíràn wọlé, kí omi tútù sì wà nílẹ̀ dè wọ́n. Dáre ló bẹ̀ mí lórí ibùsùn.

"Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má lọ. Ta ló yọ aṣọ inú? Àwa ni. Wọ́n á ní a ba ẹrù ìjọba jẹ́. Wọ́n á lé Músá."

Àwọn obìnrin náà kò fẹ́ lọ mọ́. Kálukú fọ aṣọ inú ti ọkọ rẹ̀, ó fi síìpù so ó padà, ó panu mọ́. Nígbà tí oòrùn tún mú, àwọn ọkùnrin tún yọ ọ́. A ò lọ.

Bí mo bá ń wọ̀n ọ́n wò báyìí, n kò lè sọ pé asán ni. Kò sẹ́ni tó ń wọ ẹ̀wù oníhò lọ bá iná mọ́ ní àgọ́ wọn. Olùṣọ́ síto yẹn wà láàyè. Ṣùgbọ́n apá Dáre kò ga ju àyà lọ mọ́. Ìpè tẹlifóònù ló ń gbà ní ibi iṣẹ́ báyìí. Láàárọ̀ ọjọ́ Ìsinmi, Fúnmi ló ń bá a wọ ṣẹ́ẹ̀tì kí a tó lọ ṣọ́ọ̀ṣì, á sì ti ilẹ̀kùn kí n má baà rí i. Ẹ̀wù la bá wọn jà fún. Ẹni tó wà nínú ẹ̀wù ló yẹ ká bá wọn jà fún.

Wọ́n ti gba àwọn panápaná tuntun látìgbà náà. Mo máa ń rí wọn nínú ọkọ̀ pupa lójú ọ̀nà pápákọ̀ òfurufú, tí wọ́n ṣí àyà ẹ̀wù sílẹ̀ kí atẹ́gùn lè fẹ́ sí wọn. Ọmọ kékeré ni wọ́n. N kò mọ ìyá wọn. Ẹ̀yin tí ẹ bá mọ àwọn ìyá náà, ẹ bá mi sọ ìtàn yìí fún wọn.