Ìdérí Ìkòkò Yàábà

Nínú ìlú tí ẹ̀rọ ìlọ̀ pọ̀ ju ṣọ́ọ̀bù lọ, ọ̀sẹ̀ mẹ́ta gbáko la fi jẹ ọkà bàbà lódidi. A kàn ń sè é ni. Àwọn tó léyín jẹ ẹ́, inú sì ń run wọ́n. Àwọn tí kò léyín ń wò wá lẹ́nu.

Mo wà níbẹ̀. Akọ̀ròyìn rédíò ni mí ní Wágà, olú ìlú wa, àdúgbò Paspanga ni mo ń gbé. Mo lọ kí ẹ̀gbọ́n mi, Bùràímọ̀, ní ìlú kan ní àríwá. Ọjọ́ mẹ́ta ni mo fẹ́ lò, oṣù mẹ́rin ni mo lò. Ó ti di ọdún márùn-ún báyìí. Ọmọbìnrin tí ìyàwó Bùràímọ̀ bí sí Wágà lẹ́yìn náà ló bi mí láìpẹ́ yìí pé kí ló dé tí ìdérí ìkòkò omi Yàábà fi ní eyín. Òun ni mo ń kọ èyí sílẹ̀ fún, di ọjọ́ tó bá mọ̀wé kà.

Ọjọ́ ọjà ni. Ìyàwó Bùràímọ̀ wà ní Wágà lọ́dọ̀ ìyá rẹ̀. Bùràímọ̀ jókòó níwájú ṣọ́ọ̀bù ẹ̀rọ rẹ̀, mo ń fi búrẹ́dì bọ kọfí. Àwọn moto, ìyẹn alùpùpù, wọlé láti ọ̀nà Wágà, ọkùnrin méjì lórí ọ̀kọ̀ọ̀kan, ìbọn lẹ́yìn wọn. Wọn ò bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀. Wọ́n kọjá lọ sí ẹ̀gbẹ́ bàrájì tí wọ́n fi sé omi, wọ́n sì jókòó síbẹ̀. Lọ́jọ́ kejì a gbọ́ ìbọn lójú ọ̀nà, a rí èéfín. Ọkọ̀ ẹlẹ́rù tó ń kó oúnjẹ bọ̀ ni wọ́n sun. Ọkọ̀ kankan ò wọlé mọ́.

Ìlú àgbẹ̀ ni ìlú náà nígbà tí Bùràímọ̀ gbé ẹ̀rọ ìlọkà kan ṣoṣo débẹ̀ láti Ògbómọ̀ṣọ́. Lẹ́yìn náà òjò bẹ̀rẹ̀ sí í pẹ́ dé, ó sì ń tètè lọ. Ọkà ò gbó mọ́. Ni wọ́n bá rí wúrà lábẹ́ òkè. Àwọn àgbẹ̀ ju ọkọ́ sílẹ̀, wọ́n sọ̀ sínú kòtò. Wọ́n gé igi oko láti fi gbé kòtò ró. Àwa Nàgó, bí wọ́n ṣe ń pe Yorùbá níbẹ̀, kò gbẹ́yìn: a sọ ẹ̀rọ ọkà di ẹ̀rọ òkúta, nítorí òkúta ló ń pa owó. Èmi fúnra mi ròyìn rẹ̀ lórí rédíò, mo pè é ní ìdàgbàsókè.

Ohun tí mi ò sọ ni pé ẹ̀rọ tó bá ti lọ òkúta kò ṣeé fi lọ oúnjẹ mọ́. Èròjà olóró tí àwọn awakùsà fi ń kó wúrà jọ ti wọ inú irin rẹ̀. Odó pàápàá, púpọ̀ nínú wọn ti wà lẹ́nu kòtò, òkúta ni wọ́n fi ń gún.

Salámátà, aládùúgbò wa, ṣì ní odó tirẹ̀. Ó gún ọkà lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Kí ó tó kó o kúrò nínú odó, moto méjì ti dúró lẹ́nu ọ̀nà. Ohùn odó ni àwọn ọkùnrin náà fi ń mọ ilé tó ní oúnjẹ. Wọ́n gbé àpò kan lọ. Ìdajì àpò tó kù wà nínú ilẹ̀, lábẹ́ ibi tí ewúrẹ́ ń sùn. Láti ọjọ́ náà ni odó ti dákẹ́ nílùú. Ẹ̀rọ òkúta nìkan ni wọ́n ní kò gbọdọ̀ dákẹ́, torí wúrà ni wọ́n ń wá. Àwọn fúnra wọn ló ń gbé epo dísù wá fún un.

Ìyá ọkọ Salámátà kò ní eyín kan. Yàábà ni gbogbo wa ń pè é, bí àwọn Mọ̀sí tó nilẹ̀ níbẹ̀ ṣe ń pe ìyá àgbà. Omi ọkà sísè ló ń mu. Nígbà tó di ọ̀sẹ̀ kejì, ìjókòó ló fi ń kírun. Nígbà tó di ọ̀sẹ̀ kẹta, kò lè jókòó mọ́.

Ọjọ́ ti pẹ́ tí Salámátà àti Bùràímọ̀ ti ń fi ara wọn ṣe yẹ̀yẹ́. Lọ́jọ́ tó wá bá a nítorí Yàábà, Salámátà kò rẹ́rìn-ín.

“Nàgó, ẹ̀rọ mẹ́rin lo ní. Fọ ọ̀kan, kí o bá mi lọ ọkà yìí.”

“Kò ṣeé fọ̀.”

“Wọ́n ní ahun ni ọ́.”

“Kí wọ́n máa wí. Mi ò ní fọwọ́ mi pa Yàábà.”

“Ebi ti ń bá ọ pa á,” ó ní, ó sì lọ.

Bùràímọ̀ lọ sí ẹ̀yìnkùlé. Ẹ̀rọ tó kọ́kọ́ gbé wá láti ilé wà níbẹ̀, adìyẹ ń yé sí ẹnu rẹ̀. Òkúta ò kàn án rí. Ṣùgbọ́n kò ní eyín, ìyẹn irin rìbìtì méjì tó ń kojú ara wọn lọ nǹkan. Bùràímọ̀ ní òun ti fi wọ́n fún ẹnì kan nígbà tí ẹnikẹ́ni ò lọ ọkà mọ́. Kò rántí ẹni náà. Ó tú gbogbo ṣọ́ọ̀bù bóyá òmíràn wà, kò rí.

Mo lọ bu omi fún Yàábà. Ìdérí ìkòkò rẹ̀ wúwo. Mo yí i padà, mo sì rí ilà tẹ́ẹ́rẹ́tẹ́ẹ́rẹ́ bí eyín tí wọ́n gé yí i ká.

“Yàábà, ta ló fún yín nírin yìí?”

“Ẹ̀gbọ́n rẹ. Ó ní kò wúlò fún òun mọ́. Èkejì ni ìkòkò jókòó lé.”

Mo sáré pe Bùràímọ̀. Ìyá ọkọ Yàábà ló ni ìkòkò náà rí, ó sì ti lẹ̀ mọ́ irin. A gbọ́n omi rẹ̀ tán sínú igbá. Bùràímọ̀ kúnlẹ̀, ó ní ìkòkò yìí lè fọ́ o.

“Ṣé ìkòkò ni mo fẹ́ jẹ ni?” Yàábà dáhùn láti orí ẹní.

Ìkòkò fọ́. Yàábà ló kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín.

Eyín irin náà ti kú. Bùràímọ̀ mú òòlù àti irin ìgé, ó jókòó síwájú ṣọ́ọ̀bù, ó ń gé e ní tuntun lójú gbogbo ayé. Ọ̀kan nínú àwọn tó gbé ìbọn yà, ó béèrè ohun tó ń ṣe. Bùràímọ̀ ò gbójú sókè.

“Eyín ẹ̀rọ ni. Ṣé kí wúrà yín dúró ni?”

Ọkùnrin náà lọ.

A tan ẹ̀rọ òkúta níta, a tan ẹ̀rọ ọkà nínú yàrá. Ariwo kan náà ni. A da ìyẹ̀fun àkọ́kọ́ nù nítorí ìpẹtà. Èkejì ni Salámátà fi po ẹ̀kọ fún Yàábà. Yàábà mu ṣíbí kan, ó dijú.

“Ó ń rùn bí ìtẹ́ adìyẹ,” ó ní. “Ẹ fún mi sí i.”

Salámátà dojú kọ Bùràímọ̀, ó ní “barka”, bí wọ́n ṣe ń dúpẹ́ níbẹ̀. Ó tún ní ahun ṣì ni Nàgó.

Láti ọjọ́ kejì ni àwọn obìnrin ti ń wá pẹ̀lú abọ́ lórí, òkúta lókè, ọkà nísàlẹ̀ nínú ọ̀rá. Bí wọ́n ṣe wọlé ni wọ́n ṣe ń jáde. Kò sẹ́ni tó dá wọn dúró.

Oṣù mẹ́ta lẹ́yìn náà ni àwọn sójà ṣí ọ̀nà. Ìbọn dún fún ọjọ́ méjì, a dojú bolẹ̀. Láàárọ̀ ọjọ́ kẹta, gbogbo ẹ̀rọ ti dákẹ́. Mo dúró ní ìta, mò ń retí kí ẹyẹ ké. Kò sí igi tí ẹyẹ máa bà lé.

Ohun tí ọwọ́ bá lè gbé nìkan ni wọ́n gbà wá láàyè láti kó sínú ọkọ̀ sójà. Bùràímọ̀ fi gbogbo ẹ̀rọ sílẹ̀, ó di irin méjì sínú aṣọ. Ọjà Sankaryaré ní Wágà ló ti ń ta irinṣẹ́ ẹ̀rọ báyìí. Yàábà ń gbé lẹ́yìn ilé rẹ̀, ó ti ra ìkòkò tuntun: irin kan lókè, ọ̀kan nísàlẹ̀.

Lọ́sẹ̀ tó kọjá, ọ́fíìsì tó ń bójú tó àwọn tí ogun lé nílé sọ pé ọkọ̀ yóò kó àwọn tó bá fẹ́ padà sí ìlú náà lẹ́yìn ìkórè, pẹ̀lú sójà níwájú àti lẹ́yìn. Wọ́n ní ẹ̀rọ tó bá ti lọ òkúta rí kò ní wọ àárín ìlú mọ́. Bùràímọ̀ lọ forúkọ sílẹ̀, ó ní eyín ẹ̀rọ méjì lòun máa gbé. Akọ̀wé ní òun máa fi ojú ara òun yẹ̀ wọ́n wò kí ọkọ̀ tó gbéra.

“D'accord, mo gbà,” Bùràímọ̀ ní. “Ṣùgbọ́n ẹ kọ́kọ́ wá tọrọ ìdérí ìkòkò lọ́wọ́ Yàábà.”