Ọmọ Jámánì Tí Wọ́n Sọ Di Ajẹ́lẹ̀

Nígbà tí mo ṣì ń wọ yunifọ́ọ̀mù iléèwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, láyé kásẹ́ẹ̀tì fídíò, ọkùnrin ará Jámánì kan ń gbé ní Mayfair, níbí n'Ílé-Ifẹ̀. Ìyàwó rẹ̀ ń kọ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ní èdè wọn ní Yunifásítì. Akọ̀wé ni bàbá mi níbẹ̀, ibẹ̀ la ti mọ̀ wọ́n. Ọkọ ti fẹ̀yìn tì. Iṣẹ́ eré ló fi jẹun ní ìlú wọn, nínú fíìmù àti lórí tẹlifíṣọ̀n. Ẹ má rò pé olórí eré ni o. Òun ni dókítà burúkú, òun ni sójà tó ń yìnbọn, òun ni olè tí wọ́n máa ń pa kí eré tó dé ìdajì. Ó sọ fún bàbá mi lójú mi, pẹ̀lú Yorùbá tó ń kọ́ lọ́wọ́, pé: "Ní ìlú wa, gbogbo èèyàn mọ ojú mi. Orúkọ mi, kò sí ẹni mọ̀ ọ́n." Ó rẹ́rìn-ín. Bàbá mi ò rẹ́rìn-ín.

Àwọn eléré Ifẹ̀ ò rí irú rẹ̀ rí. Wọ́n fi í ṣe ajẹ́lẹ̀, òyìnbó tí ìjọba àtijọ́ máa ń rán wá jókòó ti ọba, tó ń gba owó orí. Ó ṣe é nínú fíìmù kan sí òmíràn, títí tí kò fi sẹ́ni tó tún pè é ní nǹkan mìíràn mọ́. Tí ọ̀kadà bá ti gbé e wọ Ìrèmọ, àwọn obìnrin á pariwo: "Ajẹ́lẹ̀, ẹ má mú ọkọ wa lónìí o, kò tíì san owó orí!" Òun náà á ní, "Ó di ọ̀la!" Inú rẹ̀ máa ń dùn.

Agbo ilé wa n'Ìrèmọ ni wọ́n ti ya èyí tí ajẹ́lẹ̀ ti kú. Ọ̀sán gangan ni. Wọ́n tẹ́ ẹ sórí ẹní, wọ́n fi aṣọ funfun bò ó. Àwọn eléré wa ní àṣà kan nígbà náà: ẹni tó bá ṣe òkú kì í dá dìde. Wọ́n á pe orúkọ tí ìyá rẹ̀ sọ ọ́, á dáhùn, kí ikú eré má baà bá a délé. Ọ̀gá eléré pa kámẹ́rà, ó pàtẹ́wọ́: "Ajẹ́lẹ̀ o! Ẹ dìde!"

"Hòo," ó dáhùn lábẹ́ aṣọ.

Ìyá àgbà, ìyá bàbá mi, dìde lórí àpótí. "Orúkọ wo lẹ pè yẹn? Ṣé ajẹ́lẹ̀ tó kú lẹ ní kó dìde?"

"Ìyá, ẹ má bínú, àṣìsọ ni," ọ̀gá eléré bẹ̀ ẹ́."

"Ó dáa, ẹ pe tiẹ̀."

Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í wojú ara wọn. Nínú gbogbo àwọn tó ti bá a ṣeré, kò sí ẹyọ ẹnì kan tó mọ orúkọ rẹ̀. Bàbá mi tí ì bá mọ̀ ọ́n wà níbi iṣẹ́. Òyìnbó ṣí aṣọ kúrò lójú, ó dá dìde, ó ń gbọn eruku. "Mo ti kú rí," ó ní, "ó pọ̀."

Kò pẹ́ sí i, ìyàwó rẹ̀ wá bá Ìyá àgbà. Bàbá mi ló ń túmọ̀: "Mo ń pè é nínú ilé, kò dáhùn. Ó ní ta ni mò ń pè. Bí ọmọ kan bá pariwo Ajẹ́lẹ̀ lójú títì, á sáré jáde." Ìyá àgbà ní kó mú un padà wá.

Wọ́n tún tẹ́ ẹ sórí ẹní, wọ́n tún fi aṣọ funfun bò ó. Ìyàwó kúnlẹ̀ tì í, ó pe orúkọ rẹ̀. Ó pè é títí tí àwa náà fi gbọ́ ọ, la bá bá a pè é, Ìyá àgbà, ọ̀gá eléré, àwa ọmọdé, kálukú bí ẹnu rẹ̀ ṣe gbé e. Aṣọ ò mì. Nígbà tó yá ó dìde jókòó, ó wò wá lọ́kọ̀ọ̀kan, ó fi sùúrù béèrè pé: "Ta lẹ ń wá?"

Kí ọdún tó parí, ìyàwó rẹ̀ mú un padà sí Jámánì. A ò gbúròó wọn mọ́.

Ayé ti yí padà, ẹ̀yin ọmọ. Ẹni tó kú nínú fíìmù lóde òní, kámẹ́rà ò tíì kúrò lórí rẹ̀ tó fi ń wá fóònù rẹ̀. Kò sẹ́ni tó ń pe ẹnikẹ́ni dìde. Láìpẹ́ yìí, ọmọ mi obìnrin ní kí n wá ọkùnrin náà lórí fóònù, kí n mọ bó ṣe gbẹ̀yìn. Fóònù ní kí n kọ orúkọ. Mo ronú, mo ronú, kò wá. Bàbá mi ti kú, Ìyá àgbà ti kú. Mo pe ìyá mi.

"Òyìnbó Mayfair? Ajẹ́lẹ̀ ni. Àbí ó tún ní òmíràn ni?"

Mo kọ Ajẹ́lẹ̀. Kíá ni fíìmù tí wọ́n yà lágbo ilé wa jáde: ó nà gbalaja lábẹ́ aṣọ funfun, àyà rẹ̀ ń mì díẹ̀díẹ̀.